Ẹni tó gbé epo lájà àti ẹni tó gbà á: Ohun tí òfin fi pamọ́ fún ẹni tó bá darí ọjà ẹ̀dínwó gba ọ̀nà ẹ̀bùrú

Láti Mile 2 títí dé ibodè Sẹ̀mẹ̀, títì Àgbádárìgì kan náà ni gbogbo nǹkan ń gbà kọjá. Òun ni àwọn ará Ọ̀jọ́, Ìba àti Okokomaiko ń gbà lọ síbi iṣẹ́, òun náà ni ẹrù Àlàbà, ọkọ̀ agbépo àti ìrẹsì ń gbà. Bí ìjọba bá ti fi owó ran ọjà kan lọ́wọ́ kí mẹ̀kúnnù lè rí i rà, àwọn tó ń gbé lẹ́bàá títì yìí máa ń tètè mọ̀. Kò ní pẹ́ tí ọjà náà fi máa ní iye méjì: iye tí ìjọba kéde lórí rédíò, àti iye tí wọ́n ń tà á ní bíláàkì máàkẹ́ẹ̀tì.

Àárín iye méjì yẹn ni ọ̀rọ̀ wà. Ta ló ń jẹ èrè rẹ̀? Kí ni òfin sọ pé kó ṣẹlẹ̀ sí ẹni náà? Nínú gbogbo àwọn tí ọwọ́ wọn kan ọjà yìí, láti orí ẹni tó fọwọ́ sí ìwé títí dé orí ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì, ta ni ọwọ́ òfin ń tẹ̀ gan-an?

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ẹni tó gbé epo lájà ò jalè bí ẹni tó gbà á sílẹ̀. Epo pupa ni wọ́n ń sọ nígbà náà. Ṣùgbọ́n tí èèyàn bá ṣí ìwé òfin Nàìjíríà wò, á rí i pé òfin gba òwe yìí gbọ́ ju bí ọ̀pọ̀ aráàlú ṣe rò lọ.

Bí epo ṣe ń ní iye méjì

Fún ọ̀pọ̀ ọdún, epo bẹntiróò ni ọjà tí ìjọba àpapọ̀ ń ná owó ìrànwọ́ lé lórí jù lọ. Ìjọba ń san nínú owó epo kí iye tó wà ní ilé epo má baà ga ju agbára aráàlú. Èrò tó dára ni. Wàhálà ibẹ̀ ni pé, nígbà tí epo Nàìjíríà bá dínwó gan-an sí ti orílẹ̀-èdè Benin, èrè ti wà nílẹ̀ fún ẹni tó bá lè gbé e dé Àjàṣẹ́ tàbí Kútọnu. Nígbà tí epo bá sì wọ́n gógó nílùú, èrè tún wà fún ẹni tó bá lè kó o pamọ́ lónìí kó tà á lọ́la.

Ọ̀nà mẹ́ta pàtàkì ni epo ń gbà kúrò lọ́wọ́ ẹni tí ìjọba ní lọ́kàn. Èkíní, ọkọ̀ agbépo lè gba epo ní dípò, kí ìwé rẹ̀ sọ pé ilé epo kan ní Ọ̀jọ́ ló ń lọ, kó má sì dé ibẹ̀ rárá. Èkejì, epo lè dé ilé epo, kí wọ́n ti géètì lọ́sàn-án pé epo ti tán, kó wá di òru kí wọ́n máa rọ ọ́ sínú kẹ́ẹ̀gì fún àwọn tó máa tà á lẹ́bàá títì. Ẹ̀kẹta ni ti àwọn tó ń fi ọkọ̀ tí wọ́n ti fẹ táǹkì rẹ̀ lójú ra epo káàkiri ilé epo, tí wọ́n á forí lé ibodè, tàbí tí wọ́n á fi ọkọ̀ ojú omi gbé kẹ́ẹ̀gì gba ojú ọ̀sà apá Àgbádárìgì. Epo tó bá rékọjá báyìí ni wọ́n ń rọ sínú ìgò ní Benin, tí wọ́n ń pè ní kpayo.

Ìjọba gbìyànjú láti dí ihò ẹ̀kẹta yìí. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2019, nígbà tí wọ́n ti ti ibodè pa, àjọ aṣọ́bodè pàṣẹ pé kí ọkọ̀ agbépo kankan má ṣe já epo sí ilé epo tó bá wà láàárín kìlómítà 20 sí ibodè. Ọ̀jọ́, Ìba àti Okokomaiko jìnnà sí ibodè ju bẹ́ẹ̀ lọ, àṣẹ náà ò kàn wọ́n. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ẹni tó ń gbé lẹ́nu ibodè, tó sì nílò epo, àfi kó máa bọ̀ wá sí ìhà ìlú, yálà jẹnẹrétọ̀ ilé rẹ̀ ló fẹ́ ra epo sí tàbí ó fẹ́ gbé e kọjá.

Lẹ́yìn náà ni ọjọ́ 29 oṣù Karùn-ún ọdún 2023 dé. Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú kéde lọ́jọ́ tó gorí oyè pé owó ìrànwọ́ orí epo ti dópin. Láàárín ọjọ́ mélòó kan, epo tí NNPC ń tà ní nǹkan bí ₦185 ní Èkó fò sókè sí ₦488. Iye kpayo náà fò sókè ní Benin lọ́wọ́ kan. Àjọ NMDPRA tó ń ṣàmójútó ọ̀rọ̀ epo sọ pé epo tó ń jáde lójúmọ́ kúrò ní dípò, tó tó nǹkan bíi mílíọ̀nù 67 lítà láti oṣù Kìíní dé oṣù Karùn-ún ọdún yẹn, já wálẹ̀ sí nǹkan bíi mílíọ̀nù 48 ní oṣù Kẹfà.

Òótọ́ ni pé ọ̀pọ̀ èèyàn gbé ọkọ̀ wọn kalẹ̀ nígbà tí epo di ọ̀wọ́n, àwọn mìíràn sì pa jẹnẹrétọ̀. Ṣùgbọ́n iye kpayo tó fò sókè lọ́jọ́ kan náà fi hàn pé kì í ṣe ará Okokomaiko nìkan ló ti ń mu nínú epo tí owó Nàìjíríà ń dín iye rẹ̀ kù. Kódà lọ́dún 2024, àjọ aṣọ́bodè tún dá ikọ̀ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní Operation Whirlwind láti máa lé àwọn tó ń fi epo ṣe fàyàwọ́, torí pé iye epo ní Nàìjíríà ṣì kéré sí ti àwọn aládùúgbò rẹ̀.

Ohun tí òfin sọ nípa epo

Òfin tó le jù lọ lórí ọ̀rọ̀ yìí ti wà láti ọdún 1975, nígbà ìjọba ológun. Petroleum Production and Distribution (Anti-Sabotage) Act ni wọ́n ń pè é. Ó ní ẹni tó bá mọ̀ọ́mọ̀ ṣe ohun tó máa dí ìpèsè tàbí pínpín epo lọ́wọ́ ní ibikíbi ní Nàìjíríà, tí ohun tó ṣe sì fa ìdíwọ́ tó nípọn, ti dẹ́ṣẹ̀ ńlá. Ìjìyà rẹ̀ ni ikú, tàbí ẹ̀wọ̀n tí kò ní ju ọdún 21 lọ. Òfin náà le lójú, ṣùgbọ́n ẹrù tó gbé lé olùpẹ̀jọ́ lórí wúwo. Ó gbọ́dọ̀ fi hàn pé olùjẹ́jọ́ ní i lọ́kàn láti dí epo lọ́wọ́, àti pé ìdíwọ́ náà tóbi lóòótọ́. Kò rọrùn láti fi ìyẹn mú ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì márùn-ún.

Òfin kejì ló yẹ kí àwọn tó ń ta epo lẹ́bàá títì mọ̀ dáadáa. Ọdún 1984 ni ìjọba ológun Muhammadu Buhari gbé e jáde gẹ́gẹ́ bí Decree 20, lásìkò tí àwọn èèyàn ń tò fún ìrẹsì, mílíìkì àti ọṣẹ, tí àwọn ṣọ́jà sì ń já ilé ìkẹ́rù àwọn oníṣòwò. Lónìí, Miscellaneous Offences Act ni orúkọ rẹ̀. Abala kìíní, ẹsẹ kẹtàdínlógún, sọ pé ẹni tó bá ta epo, tó bá gbé e síta láti tà á, tó bá ń pín in kiri, tó bá kó o wọlé tàbí tó bá kó o jáde láìní ìwé àṣẹ, ẹ̀wọ̀n gbére ni ìjìyà rẹ̀. Kò tán síbẹ̀ o. Òfin náà ní ìjọba àpapọ̀ á gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀ tí wọ́n fi ṣiṣẹ́ náà, ì báà jẹ́ ti orí ilẹ̀, ti ojú omi tàbí ti ojú òfuurufú.

Ẹ jẹ́ ká wo ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí fún awakọ̀ danfo kan ní Ìyànà-Ìba. Ká ní ọkọ̀ náà kì í ṣe tirẹ̀, ó ń san owó rẹ̀ díẹ̀díẹ̀ fún ẹni tó ni ín. Ẹnì kan wá pè é pé kó bá òun gbé ogún kẹ́ẹ̀gì epo lọ sí apá Àgbádárìgì lóru, pé owó rẹ̀ á ju owó iṣẹ́ ọjọ́ mẹ́ta lọ. Awakọ̀ ò ra epo, kò sì tà á. Ṣùgbọ́n bí aṣọ́bodè tàbí ọlọ́pàá bá dá a dúró, òun ni wọ́n bá pẹ̀lú ẹrù. Ọkọ̀ á di ẹ̀rí, á sì wà ní àgọ́ wọn títí ẹjọ́ á fi parí. Bí ilé ẹjọ́ bá dá a lẹ́bi, ọkọ̀ á di ti ìjọba, gbèsè ọkọ̀ á sì dúró sí ọrùn rẹ̀. Ẹni tó ni kẹ́ẹ̀gì lè má sí níbẹ̀ rárá.

Ilé Ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ni wọ́n ti ń gbọ́ irú ẹjọ́ yìí, kì í ṣe kóòtù májísíréètì àdúgbò. Ìyẹn nìkan ti tó láti sọ owó lọ́yà di ẹrù ńlá. Àjọ EFCC ti gba ọ̀pọ̀ ìdájọ́ lábẹ́ òfin yìí, pàápàá ní Port Harcourt. Lóòótọ́, kì í ṣe gbogbo ẹni tí wọ́n dá lẹ́bi ló ń lọ sẹ́wọ̀n gbére. Ọ̀pọ̀ máa ń jẹ́wọ́ pé àwọn jẹ̀bi, wọ́n á bá olùpẹ̀jọ́ ṣe àdéhùn, adájọ́ á sì fún wọn ní ọdún mélòó kan tàbí owó ìtanràn. Ṣùgbọ́n orúkọ ẹni náà ti wọ ìwé ọ̀daràn, ọkọ̀ sì ti lọ.

Ti ilé epo wá ń kọ́? Ilé epo ní ìwé àṣẹ, nítorí náà ọ̀nà tí òfin ń gbà mú un yàtọ̀. Ìjọba lè ti ilé epo pa, wọ́n lè gba ìwé àṣẹ rẹ̀, wọ́n sì lè ní kó san owó ìtanràn. Ibí ni aráàlú ti ń kùn pé kò dọ́gba. Ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì ń wo ẹ̀wọ̀n gbére lójú, nígbà tí ẹni tó rọ epo náà fún un lóru lè san owó, kó ṣí géètì padà kí oṣù tó parí.

Ìrẹsì ìjọba, àpò ta ni?

Látìgbà tí owó ìrànwọ́ orí epo ti lọ, oúnjẹ ni ìjọba wá ń dín iye rẹ̀ kù fún aráàlú. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹta ọdún 2024, ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó bẹ̀rẹ̀ ọjà Oúnjẹ Èkó ní ọjọọjọ́ Àìkú. Wọ́n dín ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún kúrò lórí iye ọjà, wọ́n sì ní ẹnì kan ò gbọ́dọ̀ ra ju ọjà ₦25,000 lọ. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún kan náà, ìjọba àpapọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ta àpò ìrẹsì oní kílò 50 ní ₦40,000, àpò kan fún ẹnì kan, pẹ̀lú nọ́ńbà ìdánimọ̀ NIN.

Ṣáájú ìyẹn, àjọ aṣọ́bodè ti gbìyànjú irú rẹ̀ ní Yaba ní ọjọ́ 23 oṣù Kejì ọdún 2024. Wọ́n ta ìrẹsì tí wọ́n gbà lọ́wọ́ àwọn onífàyàwọ́, àpò oní kílò 25 ní ₦10,000. Iye yẹn ò tó ìdajì iye ọjà lásìkò náà. NIN ni wọ́n fi ń rà á, wọ́n sì fi í ṣe àdéhùn pé ẹni tó bá rà á kò gbọ́dọ̀ tún un tà. Èrò pọ̀, àwọn èèyàn tẹ ara wọn mọ́lẹ̀, ẹ̀mí sì ṣòfò. Àjọ náà dá títà rẹ̀ dúró.

Gbogbo òté yìí, NIN, àpò kan fún ẹnì kan, ₦25,000 fún ẹnì kan, ìdí kan náà ni wọ́n fi wà: kí ẹnì kan má baà kó ohun tí ó yẹ kí ọgọ́rùn-ún èèyàn pín. Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ ni pé, tí ẹnì kan bá fo òté yìí, ẹ̀ṣẹ̀ wo ló ṣẹ̀ lábẹ́ òfin?

Ibí ni ọ̀rọ̀ ti le. Epo ní òfin tirẹ̀. Àpò ìrẹsì ẹ̀dínwó kò ní irú òfin bẹ́ẹ̀. Ìyá kan tó tò láti òwúrọ̀ ní Ọ̀jọ́, tó ra àpò ìrẹsì kan, tó wá wọ̀n ọ́n ní kóńgò fún aládùúgbò rẹ̀ láti rí owó ilé ìwé ọmọ san, kì í ṣe olè. Ó sanwó, ọjà ti di tirẹ̀. Ó lè ti rú àdéhùn tí wọ́n fi tà á fún un, wọ́n sì lè sọ pé kò ní rà mọ́, ṣùgbọ́n kò rọrùn láti fi ìyẹn nìkan sọ ọ́ di ọ̀daràn.

Ti ẹni tí wọ́n kó àpò náà sí lọ́wọ́ láti tà tàbí láti pín yàtọ̀ pátápátá. Ká ní wọ́n kó ọgọ́rùn-ún àpò wá sí kánsù kan, tí òṣìṣẹ́ tó ń ṣọ́ ilé ìkẹ́rù sì yọ ogún kúrò lóru, tó gbé e fún oníṣòwò kan. Olè ni òfin ń pe ìyẹn. Nínú Criminal Code tí wọ́n ń lò ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ apá gúúsù Nàìjíríà látayé àwọn òyìnbó, ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́ta ni ti olè lásán. Ṣùgbọ́n bí òṣìṣẹ́ ìjọba bá jí ohun ìjọba tó wà ní ìkáwọ́ rẹ̀ nítorí ipò rẹ̀, ó di ọdún méje. Bí òṣìṣẹ́ náà bá lo ipò rẹ̀ láti ṣe ara rẹ̀ tàbí ẹbí rẹ̀ lóore tí kò tọ́, òfin ICPC ti ọdún 2000, abala 19, ní ẹ̀wọ̀n ọdún márùn-ún ni, láìsí àǹfààní láti san owó ìtanràn dípò rẹ̀.

Oníṣòwò tó gba ogún àpò náà wá ńkọ́? Ó lè máa rò pé òun ra ọjà ni, òun ò jalè. Abala 427 nínú Criminal Code kan náà dá a lóhùn: ẹni tó bá gba ohun tí wọ́n jí, tó sì mọ̀ pé jíjí ni wọ́n jí i, lè lọ sẹ́wọ̀n ọdún 14 bí olè náà bá jẹ́ ti ẹ̀ṣẹ̀ ńlá. Ẹ gbé e yẹ̀ wò. Olè lásán ọdún mẹ́ta, òṣìṣẹ́ tó jalè ọdún méje, ẹni tó gbà á sílẹ̀ ọdún 14. Òwe epo àjà ni òfin náà ń pa.

Báwo ni adájọ́ ṣe ń mọ̀ pé ẹni náà mọ̀? Kì í ṣe ìgbà tó bá jẹ́wọ́ nìkan. Adájọ́ á wo iye tó rà á, á wo wákàtí tí wọ́n já a, á wo bóyá ìwé ẹ̀rí ìsanwó wà, á wo ohun tí wọ́n kọ sára àpò. Àpò tí wọ́n kọ orúkọ ìjọba sí lára, tí wọ́n tún ìrẹsì inú rẹ̀ dà sínú àpò mìíràn, ń sọ̀rọ̀ fún ara rẹ̀.

Ohun mìíràn tó yẹ kí aráàlú ṣọ́ra fún ni NIN. Ẹni tó bá kó NIN ogún èèyàn jọ, tó ń fi orúkọ wọn ra ọjà tí wọn kò mọ̀ nípa rẹ̀, ti kúrò ní ẹni tó ń wá oúnjẹ òòjọ́. Ẹ̀tàn ni, ọ̀rọ̀ ẹ̀tàn sì ti di ti EFCC. Ẹni tó yá a ní NIN rẹ̀ nítorí ẹgbẹ̀rún náírà náà lè rí i pé òun ni wọ́n máa kọ́kọ́ wá sílé, torí pé orúkọ tirẹ̀ ló wà nínú ìwé.

Àwọn tó wà lókè ńkọ́?

Tí a bá fẹ́ mọ bí òfin ṣe ń rìn nígbà tó bá kan àwọn ẹni ńlá, ẹ jẹ́ ká padà sí ọ̀rọ̀ epo kẹrosíìnì. Àwọn tó ti ń dáná nílé yàrá kan ní Okokomaiko láti bí ọdún mẹ́wàá sẹ́yìn ò lè gbàgbé. ₦50 ni iye tí ìjọba kéde fún lítà kan. Ta ló rí i rà ní ₦50? Ní oṣù Kejì ọdún 2014, Sanusi Lamido Sanusi, tó jẹ́ gómìnà báǹkì àpapọ̀ nígbà náà, sọ fún ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà pé NNPC ń ra kẹrosíìnì ní nǹkan bí ₦150 lítà kan, ó ń tà á fún àwọn alágbàtà ní ₦40.90, aráàlú sì ń rà á ní ₦170 sí ₦220. Ó ní Ààrẹ Yar'Adua ti pàṣẹ láti ọdún 2009 pé kí wọ́n yọ owó ìrànwọ́ náà kúrò. NNPC jiyàn, wọ́n ní àṣẹ náà ò fìdí múlẹ̀ nínú òfin. Kò pẹ́ sígbà náà tí wọ́n dá Sanusi dúró lẹ́nu iṣẹ́.

Ohun tó ṣe kókó nínú ìṣirò yẹn ni pé kì í ṣe ìyá tó ń fi ife wọn kẹrosíìnì lẹ́nu ọ̀nà ló jẹ èrè tó pọ̀ jù. Àárín ₦40.90 sí ₦170 ni owó ńlá wà. Ẹni tó ní ìwé àṣẹ láti gba epo ló ń jẹ ẹ́ kí kẹ́ẹ̀gì kankan tó dé àdúgbò.

Ti bẹntiróò náà kò yàtọ̀. Lẹ́yìn ìwọ́de oṣù Kìíní ọdún 2012, ìgbìmọ̀ ilé aṣòfin kékeré tí Farouk Lawan ṣe alága rẹ̀ gbé ìròyìn jáde pé ó yẹ kí wọ́n gba ohun tó lé ní tírílíọ̀nù kan náírà padà lórí owó ìrànwọ́ epo. Kò pẹ́ ni ọ̀rọ̀ yíwọ́: wọ́n ní Lawan fúnra rẹ̀ gba owó dọ́là lọ́wọ́ olówó epo kan kó lè yọ orúkọ ilé iṣẹ́ rẹ̀ kúrò nínú ìwé. Ọdún 2021 ni ilé ẹjọ́ tó rán an lẹ́wọ̀n ọdún méje. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn dín in kù sí ọdún márùn-ún lọ́dún 2022, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ sì fọwọ́ sí i ní oṣù Kìíní ọdún 2024. Ó tó ọdún 12 látìgbà ìwọ́de. Ní ọdún 2017 bákan náà, Ilé Ẹjọ́ Gíga ní Ìkẹjà rán àwọn ọ̀gá ilé iṣẹ́ epo mélòó kan lẹ́wọ̀n ọdún mẹ́wàá mẹ́wàá nítorí owó ìrànwọ́ tí wọ́n gbà lórí epo tí wọn ò kó wọlé.

Nítorí náà, kì í ṣe pé òfin ò lè mú ẹni ńlá. Ó ń mú wọn. Ṣùgbọ́n ẹni ńlá ní lọ́yà, ó ní àkókò, ó sì ní ilé ẹjọ́ mẹ́ta tó lè gbé ẹjọ́ rẹ̀ lọ. Awakọ̀ danfo ò ní ọkọ̀ tó máa fi jáde láàárọ̀ ọjọ́ kejì.

Bí àwọn mìíràn ṣe ṣe é

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ní títì Àgbádárìgì kì í ṣe tuntun láyé. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, ìjọba ń pín epo ọkọ̀ níwọ̀n-níwọ̀n. Lọ́dún 1948, wọ́n da aró pupa sínú epo tó wà fún ọkọ̀ ìṣòwò. Onímọ́tò aládàáni tí wọ́n bá bá epo pupa nínú ọkọ̀ rẹ̀ lè pàdánù ìwé ìwakọ̀ rẹ̀ fún ọdún kan, ilé epo tó tà á fún un náà sì lè di títì. Ní India, kẹrosíìnì ẹ̀dínwó tí ìjọba ń pín fún àwọn aláìní ni wọ́n ń da aró búlúù sí, kí gbogbo ojú lè rí i tó bá dé ibi tí kò yẹ. Òfin wọn ti ọdún 1955 ní ẹni tó bá rú òté ọjà kò-ṣeé-má-nìí lè lọ sẹ́wọ̀n láti oṣù mẹ́ta sí ọdún méje.

Ẹ̀kọ́ méjì ló wà níbẹ̀. Àkọ́kọ́ ni pé wọ́n fi àmì sí ọjà fúnra rẹ̀, dípò kí wọ́n máa wo ojú èèyàn. Èkejì ni pé ìjìyà náà ò ga dé ọ̀run, ṣùgbọ́n ó kan ẹni tó tà àti ẹni tó rà, ó sì kan ohun tí kálukú fi ń jẹun: ìwé ìwakọ̀ onímọ́tò àti ẹ̀rọ ìtapo ilé epo. Ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà tó dájú máa ń ba èèyàn lẹ́rù ju ẹ̀wọ̀n gbére tí wọ́n ń kà nínú ìwé lásán.

Ohun tó kù ní Ọ̀jọ́, Ìba àti Okokomaiko

Bí ìjọba bá tún máa gbé ọjà ẹ̀dínwó wá sí àdúgbò, ohun tó yẹ kó ṣe kò le. Ní ọjọ́ tí ẹrù bá dé, kí kánsù Ọ̀jọ́ àti ti Ìba lẹ iye àpò tó wọlé mọ́ ẹnu ọ̀nà, kí wọ́n tún lẹ iye tí wọ́n tà mọ́ ọn ní ìrọ̀lẹ́. Kí àdéhùn títà rẹ̀ wà ní èdè Yorùbá, Ẹ̀gùn àti Ìgbò, torí àwọn ló ń tò níbẹ̀. Kí wọ́n sọ ọ́ ní gbangba bóyá ìyá tó tún ìrẹsì rẹ̀ wọ̀n ní kóńgò ti rú òfin àbí kò rú u, kí ọlọ́pàá má baà máa fi ọ̀rọ̀ tí kò dájú gba owó lọ́wọ́ rẹ̀. Ní ti ilé epo, kí àjọ NMDPRA kéde orúkọ àwọn ilé epo tí wọ́n bá tì pa àti ìdí rẹ̀, bí EFCC ṣe ń gbé àwòrán ẹni tó gbé kẹ́ẹ̀gì síta.

Ti aráàlú náà wà níbẹ̀. Awakọ̀ tí wọ́n bá pè láti gbé ẹrù epo lóru ní ẹ̀tọ́ láti béèrè ìwé ẹrù náà. Bí ìwé ò bá sí, owó ọjọ́ mẹ́ta ò tó ọkọ̀. Oníṣòwò ní Ìyànà-Ìba tàbí Alaba Rago tí wọ́n bá gbé àpò ìrẹsì ìjọba wá bá ní iye tí kò bá ti ọjà mu, kó béèrè ibi tó ti wá kó tó nawọ́. Tí kò bá rí ìdáhùn tó nítumọ̀, kó jẹ́ kí ẹrù náà máa lọ. Ẹni tó bá sì rí i tí wọ́n ń kó ẹrù ìjọba jáde ní ẹ̀yìnkùlé lóru lè fi tó ICPC tàbí EFCC létí, ì báà jẹ́ pé ọmọ àdúgbò ló ń kó o.

Àwọn tó gbé epo sọ̀ kalẹ̀ láti àjà ní ibi gíga, òfin á máa rìn lọ bá wọn díẹ̀díẹ̀, ó lè tó ọdún 12. Ẹni tó dúró nísàlẹ̀ tó na ọwọ́ méjèèjì sókè láti gbà á, òun ni òfin ń bá nítòsí, àti pé lójú ìwé òfin, tirẹ̀ lè wúwo jù.